Ta Ló Ń Gbé Òṣèré Arúnilójú Dúró? Láti Ojúde Ẹ̀fẹ̀ dé Ojú Aṣọ Sinimá
Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ fún gbogbo ènìyàn, ní Ìlaròó, Ìpínlẹ̀ Ògùn

Kí ọ̀rọ̀ tó bẹ̀rẹ̀, mo júbà àwọn ìyá wa. Ilẹ̀ Gẹ̀lẹ̀dẹ́, eré tí a fi ń júbà wọn, la wà. Ẹni tó bá fẹ́ sọ̀rọ̀ eré níbí láìjúbà, ẹ tètè fọ̀nà hàn án.

Àwọn tó pè mí ní kí n sọ̀rọ̀ nípa òṣèré inú irú fíìmù kan tí a kì í sábà bá lórí àtẹ: fíìmù tí ẹni kan dá gùn lé, tí ìtàn inú rẹ̀ kì í tọ ọ̀nà tààrà, tí a ó wò tán tí a ó máa bi ẹni tó jókòó tì wá pé, "Kí la wò yìí ná?" Ọ̀pọ̀ ènìyàn gbà pé Paris ni irú eré bẹ́ẹ̀ ti wá, pé àwa kan ń sín wọn jẹ ni. Mi ò ní fi àsìkò yín ṣòfò lórí ìyẹn. Ìbéèrè kan ṣoṣo ni mo gbé wá: kí ló ń mú òṣèré irú eré bẹ́ẹ̀ pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́? Ṣé olùdarí fíìmù ni? Ṣé owó ni? Ṣé àmì-ẹ̀yẹ tí wọ́n ń gbà lókè òkun ni?

Èsì tèmi ni pé òǹwòran ni. Òǹwòran tó ti mọ òfin eré náà kí òṣèré tó yọjú ló ń gbé e dúró. Níbi tí irú òǹwòran bẹ́ẹ̀ bá wà, òṣèré á pẹ́. Níbi tí kò bá sí, fíìmù kan lè gbé e sókè lónìí, tó bá di ẹ̀ẹ̀mìíràn a ò ní gbúròó rẹ̀ mọ́. Màá tún ọ̀rọ̀ yìí sọ léraléra títí a ó fi túká. Ẹ má jẹ́ kó sú yín.

1. Ohun tí mo ń pè ní eré arúnilójú

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ ya eré arúnilójú sọ́tọ̀ kúrò lára eré apanilẹ́rìn-ín, nítorí ilé kan náà ni wọ́n ń gbé, wọ́n sì máa ń wọ aṣọ ara wọn. Ẹni tó wọ bàtà ńlá kó lè ṣubú, kí a lè rẹ́rìn-ín, apanilẹ́rìn-ín ni. Ẹni tó wọ bàtà ńlá tí kò ṣubú, tó jókòó, tó ń bá ọ̀rọ̀ owó ilé lọ bí ẹni pé bí ẹsẹ̀ gbogbo ayé ṣe rí nìyẹn, òun ni mo ń pè ní òṣèré arúnilójú. Ó mú nǹkan méjì tí làákàyè ní wọn kò gbọdọ̀ pàdé, ó so wọ́n pọ̀, kò sì ṣàlàyé. Àìṣàlàyé yẹn ni àmì rẹ̀. Bó bá ṣẹ́jú sí wa pẹ́nrẹ́n pé "ẹ rí mi bí?", ó ti bọ́ sódì kejì.

Ní 1961, Martin Esslin kọ ìwé kan tó fi kó àwọn òǹkọ̀wé eré bíi Samuel Beckett àti Eugène Ionesco sábẹ́ orúkọ kan, tó sọ pé eré wọn ń fi ayé tí kò nítumọ̀ hàn. Ogun ńlá ṣẹ̀ṣẹ̀ ba Yúróòpù jẹ́ nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í kọ̀wé bẹ́ẹ̀. A ò lè bá wọn jà lórí ohun tí ojú wọn rí. Ṣùgbọ́n tiwa kò bá ibẹ̀ wá. Eré arúnilójú tiwa kì í sọ pé ayé kò nítumọ̀. Ohun tó ń sọ ni pé ìtumọ̀ ayé pọ̀ ju ohun tí ẹnu kan lè sọ tán, nítorí náà ó ń sọ mẹ́ta mẹ́rin pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.

Nípa fíìmù àdáṣe, mi ò ní pẹ́ níbẹ̀. Fíìmù tí ẹni tó ṣe é fi owó ara rẹ̀ tàbí owó gbèsè ṣe ni, tí kò sí ilé-iṣẹ́ ńlá lẹ́yìn rẹ̀. Bó bá jèrè, tirẹ̀ ni. Bó bá gbé e ṣubú, òun nìkan ló ń ṣubú. Òṣèré ní tèmi sì ni ẹni tí ara rẹ̀ ru eré náà, tí eré kò ní dúró bí a bá yọ ọ́ kúrò, ì báà jẹ́ pé a rí ojú rẹ̀ tàbí a ò rí i.

2. Ilé-ẹ̀kọ́ òǹwòran

Ní oṣù kejìlá ọdún 1825, òyìnbó ará Scotland kan tó ń jẹ́ Hugh Clapperton gba ilẹ̀ wa yìí kọjá. Àgbádárìgì ló ti gòkè, ó gba Ìjànà tó wà nítòsí wa níbí, ó forí lé Ọ̀yọ́ Ilé. Ní 1826, nígbà tó wà ní ààfin, wọ́n ṣeré fún un. Àwọn kan kọ́kọ́ jáde nínú àpò, wọ́n ń jó, wọ́n ń tàkìtì. Lẹ́yìn wọn ni erè ńlá kan yọ. Lẹ́yìn erè ni ẹnì kan tó funfun, tó gbẹ, tí òtútù ń mú, tó ń fín áṣáà, tó ń fọwọ́ ra ọwọ́, tó ń rìn bí ẹni tí kò fẹsẹ̀ lásán tẹlẹ̀ rí. Òyìnbó ni wọ́n ń fi ṣeré, níṣojú òyìnbó.

Àpò, erè, òyìnbó: kí ló so wọ́n pọ̀? Nínú gbogbo èrò tó pé jọ, Clapperton kò kọ ọ́ pé ẹnikẹ́ni béèrè. Ohun tó kọ ni pé àwọn òǹwòran ń ké sí òun ṣáá pé kí òun fojú sílẹ̀, kí òun wò ó bó ti dára tó. Wọ́n ti mọ òfin eré náà. Àlejò ni wọ́n ń kọ́. Ìtàn àwọn apidán Ọ̀yọ́ ni a máa ń fi ìròyìn yìí tì lẹ́yìn. Èmi rò pé ìtàn òǹwòran ni.

Ilé-ẹ̀kọ́ tiwa ní Yewa, àgbègbè wa yìí, òru Ẹ̀fẹ̀ tó ń ṣáájú ọjọ́ Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ni. Ẹ̀yin tí wọ́n bí sí àdúgbò yìí mọ̀ ọ́n jù mí lọ, nítorí náà ẹ ṣe sùúrù fún mi. Ojúde ọjà ni, lóru. Àràbì Àjígbálẹ̀ á jáde láti gbálẹ̀, Tètèdé á pe Ẹ̀fẹ̀, Ẹ̀fẹ̀ á yọ. Á júbà àwọn ìyá, á súre fún ìlú, lẹ́yìn náà á bẹ̀rẹ̀ sí í tú àṣírí: ọkọ tó sá fún bùkátà, olóṣèlú tó jẹ owó kànga, àlùfáà tó ń yọ́ wọ ilé onílé. Kò sẹ́ni tó ń pè é lẹ́jọ́. Tílẹ̀ bá mọ́, Gẹ̀lẹ̀dẹ́ á jáde ní méjì méjì. Ọkùnrin ni, ó fi igi ṣe ọmú, ó fi aṣọ di ìdí ràbàtà. Ẹ wo ère orí rẹ̀. Ní ìsàlẹ̀, ojú obìnrin tútù bí omi àmù. Lókè orí ojú tútù yẹn, agbẹ́gilére lè gbé alùpùpù sí, ó lè gbé ọkọ̀ òfuurufú sí, ó lè gbé ẹ̀rọ ìránṣọ sí, tàbí ejò tó ń gbé ẹranko mì. Rúdurùdu lókè, ìdákẹ́jẹ́ nísàlẹ̀, ojú náà kò sì mọ̀ pé ohunkóhun ń ṣẹlẹ̀ lórí òun. Bí ẹnikẹ́ni bá bi mí pé kí n fi nǹkan kan ṣàpèjúwe àìṣàlàyé tí mo sọ níṣàájú, ère yìí ni màá nà sí.

Nǹkan kan tún wà tí àwọn àlejò kì í tètè rí. Eré yìí kì í ṣe wúruwùru. Ṣaworo ẹsẹ̀ oníjó gbọ́dọ̀ bọ́ sí ibi tí ìlù fi ọ̀rọ̀ sí gan-an. Ìyá arúgbó tó jókòó sórí àpótí á gbọ́ bó bá ṣì í, á sì pòṣé. Òǹwòran Gẹ̀lẹ̀dẹ́ mọ ẹni tó wà lábẹ́ aṣọ, kì í dárúkọ rẹ̀. Ó mọ̀ pé ohun tí òun ń wò kò lè ṣẹlẹ̀, ó sì ń fi òṣùwọ̀n líle wọ̀n ọ́n. A máa ń sọ pé ojú tó bá ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti rí òpin ìran. Mo máa ń bá òwe yẹn jiyàn díẹ̀: ojú tó rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ ìran wò ni.

Ní 1889, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fa ìlà sáàárín wa, Kétu bọ́ sọ́wọ́ Faransé, Ìlaròó bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ìlà náà pín owó orí àti èdè ilé-ìwé. Kò rí òru Ẹ̀fẹ̀ pín. Nígbà tí UNESCO kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní 2001 gẹ́gẹ́ bí ogún gbogbo ayé, Benin, Nàìjíríà àti Tógò ni wọ́n jọ ni ín.

3. Bàbá Sàlá

Ẹ jẹ́ ká wá wo ẹni kan tí ara rẹ̀ ru eré arúnilójú láti orí ìtàgé dé inú fíìmù. Ọmọ Iléṣà ni, kì í ṣe ọmọ Yewa, ṣùgbọ́n kò sí ilé kan níbí tí kò mọ orúkọ rẹ̀. Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀, Bàbá Sàlá, tí wọ́n bí ní 1936.

Olórin ni kó tó di aláwàdà. Ó ní ẹgbẹ́ onígìtá kan, Federal Rhythm Dandies, níbi tí Sunny Adé ti ta gìtá kó tó dá tirẹ̀ sílẹ̀. Láti ibẹ̀ ló ti bọ́ sórí ìtàgé pẹ̀lú ẹgbẹ́ Aláwàdà, tó sì di ará ilé gbogbo ènìyàn lórí tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn. Ẹ rántí ìmúra rẹ̀: awò ojú tó gba ìdajì ojú, táì ọrùn tó fẹ̀ bí abẹ̀bẹ̀, aago ńlá tó fi kọ́ ọrùn bí ẹni fi ẹ̀gbà kọ́rùn. Ahun ni, àgbàlagbà tó fẹ́ràn obìnrin ni, ẹni tó ń ro ara rẹ̀ sí ọlọ́gbọ́n ni. Aago yẹn ni mo fẹ́ ká fojú sí. Kò fi í pa wá lẹ́rìn-ín lọ́nà tó hàn gbangba. Ó gbé e kọ́rùn, ó ń bá ìyàwó rẹ̀ jà lórí owó ọbẹ̀. Rúdurùdu lára, ojú tútù. Ẹni tó ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ kò nílò kí ẹnikẹ́ni ṣàlàyé Bàbá Sàlá fún un.

Ní 1982, ó jáde nínú fíìmù Ọ̀run Móorú. Ọlá Balógun ló darí rẹ̀, ẹni tí wọ́n bí ní Abá ní 1945, tó kọ́ iṣẹ́ sinimá ní Paris. Balógun fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹ̀rí fún mi. Fíìmù ńlá rẹ̀ àkọ́kọ́, Alpha, ní 1972, fíìmù àdánwò ni, irú èyí tí a ń sọ yìí. Ṣùgbọ́n Àjàní Ògún, tí òun àti Adé Love, òṣèré alárìnká kan, ṣe ní 1976, ló kún gbọ̀ngàn. Kí ló yàtọ̀? Ọgbọ́n olùdarí kò dín, kò sì lé. Ó lọ bá àwọn òṣèré alárìnká, òǹwòran wọn sì tẹ̀ lé wọn wá.

Nínú Ọ̀run Móorú, oníjìbìtì gba owó oníṣòwò kan. Gbèsè dé, ìtìjú dé, ó fẹ́ pa ara rẹ̀, ó bá ara rẹ̀ ní ọ̀run, wọ́n ní àkókò rẹ̀ kò tíì tó, wọ́n dá a padà. Ọ̀rọ̀ ikú ni, ọ̀rọ̀ gbèsè ni, ara Bàbá Sàlá ló sì gbé e. Mo rò pé òun ni fíìmù arúnilójú tó gbòòrò jù tí ẹnikẹ́ni ṣe lédè Yorùbá láyé ìgbà náà, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn tó ń kọ ìtàn sinimá máa ń tò ó sábẹ́ àwàdà, tí wọ́n á sì sáré kọjá.

Ẹ wá gbọ́ ohun tó tẹ̀ lé e. Láyé ìgbà yẹn, oníṣẹ́ fíìmù fúnra rẹ̀ ló ń gbé fíìmù àti ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń tàn án láti ìlú dé ìlú, tó ń dúró sẹ́nu ọ̀nà gbọ̀ngàn gba owó tíkẹ́ẹ̀tì. Ẹ̀dà kan tàbí méjì ni gbogbo ọlá rẹ̀. Ẹ̀dà Ọ̀run Móorú bọ́ sọ́wọ́ olè, wọ́n dà á sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, kásẹ́ẹ̀tì náà sì gba ìlú kan kó tó parí ìrìnàjò rẹ̀ nínú gbọ̀ngàn. Owó tó yá kò padà wọlé. Ẹni tó ṣe fíìmù nípa oníṣòwò tí oníjìbìtì sọ di onígbèsè, oníjìbìtì sọ òun náà di onígbèsè.

Níbí ni ẹnikẹ́ni tó bá fẹ́ ta kò mí á ti dìde. Á ní: òǹwòran tí o ní ó ń gbé òṣèré dúró, ṣé kì í ṣe òun kan náà ló ra kásẹ́ẹ̀tì olè? Òun ni. Mi ò lè sá fún un. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká béèrè ìdí tí ẹ̀rí-ọkàn kò fi da ẹni tó rà á láàmú. Nínú ilé-ẹ̀kọ́ tó ti kọ́ eré wíwò, kò sí tíkẹ́ẹ̀tì. Eré ojúde, ti ìlú ni. Bó bá wù ọ́, o lè lẹ owó mọ́ oníjó níwájú orí. Bí kò bá wù ọ́, o jókòó, o wò, o lọ sílé, kò sẹ́ni tó máa pè ọ́ lólè. Ẹni tó fi ẹ̀kọ́ yẹn lóye aago ọrùn Bàbá Sàlá, ẹ̀kọ́ yẹn kan náà ló jẹ́ kó rí kásẹ́ẹ̀tì bí ojúde tó gùn dé pálọ̀ rẹ̀. A ti kọ́ òǹwòran bí wọ́n ṣe ń wo eré tó rúni lójú. A ò tíì kọ́ ọ pé ẹni tó ń ṣe é ń sanwó ilé.

Síbẹ̀, ẹ wo ẹ̀gbẹ́ kejì. Gbèsè yẹn ìbá ti lé elòmíràn kúrò lẹ́nu iṣẹ́ títí láé. Ṣùgbọ́n fíìmù rẹ̀ Ààrẹ Àgbáyé jáde ní 1983, Mosebọ́látán tẹ̀ lé e, nígbà tí ayé fídíò sì dé, Agba Man jáde ní 1992. Nígbà tó kú ní oṣù kẹwàá ọdún 2018, lẹ́ni ọdún méjìlélọ́gọ́rin, gbogbo ilẹ̀ Yorùbá ló dárò rẹ̀, títí kan àwọn ọmọ tí a kò tíì bí nígbà Ọ̀run Móorú. Olówó kò gbé e dúró. Àmì-ẹ̀yẹ òkèèrè kò gbé e dúró. Àwọn tó gbé e ṣubú náà ló tún nà án lọ́wọ́ dìde.

4. Méjì láti ìta

Mo fẹ́ fi àwọn méjì kan dán ọ̀rọ̀ mi wò, kí ẹnikẹ́ni má baà ní ọ̀rọ̀ Yorùbá nìkan ni.

Buster Keaton, òṣèré fíìmù ará Amẹ́ríkà, ti wà lórí ìtàgé pẹ̀lú bàbá àti ìyá rẹ̀ láti kékeré. Ó ń ṣe fíìmù ní ilé-iṣẹ́ tó ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ títí di 1928, nígbà tó wọ abẹ́ ilé-iṣẹ́ ńlá MGM, tí agbára rẹ̀ lórí iṣẹ́ rẹ̀ sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ní 1964, ó ti darúgbó, Beckett tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan sì ń wá òṣèré fún fíìmù kúkúrú kan tí wọ́n ṣe ní New York. Nínú fíìmù náà, ẹ̀yìn òṣèré ni kámẹ́rà ń tẹ̀ lé. Ó kù díẹ̀ kó parí kí a tó rí ojú rẹ̀. Bí òṣèré tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ bá ni, ẹ̀yìn ọkùnrin kan lásán la ó máa wò. Ṣùgbọ́n fìlà pẹlẹbẹ tí gbogbo ayé mọ̀ mọ́ Keaton láti ogójì ọdún sẹ́yìn ló dé, ìrìn rẹ̀ sì ni. Òǹwòran mọ ẹni tó wà lábẹ́ aṣọ. Ọdún méjì lẹ́yìn náà ló kú.

Magaye Niang ní Dakar ni èkejì. Òun ló ṣe Mory nínú Touki Bouki, tí Djibril Diop Mambéty ṣe ní 1973: darandaran tó gun alùpùpù tó fi orí màlúù sí iwájú rẹ̀, tó ń lá àlá Paris. Ẹ ò rí i pé ère Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ni alùpùpù yẹn? Fíìmù náà di olókìkí ní ayé, wọ́n ń kọ́ ọ ní yunifásítì. Niang kò di olókìkí. Nígbà tí Mati Diop, ọmọ àbúrò Mambéty, wá a kàn fún fíìmù tirẹ̀ ní 2013, ó ń da màlúù, bí Mory ṣe ń dà á. Wọ́n tan Touki Bouki ní ìta gbangba ní Dakar, ó lọ wò ó láàárín èrò. Olùdarí rẹ̀ kò ní àbùkù, fíìmù rẹ̀ kò ní àbùkù. Àwọn tó kọ́kọ́ fi ọwọ́ pàtàkì mú un jìnnà sí i ni, wọn ò lè pè é padà sẹ́nu iṣẹ́ ní ọjọ́ kejì.

5. Àwọn tó wà lẹ́nu rẹ̀ lónìí

Ní 2019, olùdarí fíìmù Abba Makama gbé fíìmù rẹ̀, The Lost Okoroshi, lọ sí àjọ̀dún fíìmù Toronto. Sẹ́un Àjàyí, tí ọ̀pọ̀ mọ̀ láti inú eré Hustle orí tẹlifíṣọ̀n, ló ṣe aṣọ́bodè kan ní Èkó tí àwọn eégún ń lé lójú àlá, tó sì jí lówùúrọ̀ ọjọ́ kan tó ti di eégún fúnra rẹ̀. Láti ìgbà náà, kò sọ̀rọ̀ mọ́. Kò sí ojú tí a lè wò, kò sí ohùn. Ara nìkan ló kù: bó ṣe ń tẹ orí, bó ṣe ń rìn láàárín ọkọ̀ Èkó. Ẹni tó bá rò pé iṣẹ́ kékeré nìyẹn, kó lọ bi oníjó Gẹ̀lẹ̀dẹ́ wò. Makama, C.J. Obasi àti Michael Omonua ni wọ́n jọ ń pe ara wọn ní Surreal16, wọ́n sì ti dá àjọ̀dún fíìmù sílẹ̀ ní Èkó fún irú iṣẹ́ yìí. Obasi ṣe Mami Wata ní dúdú àti funfun ní Benin, ní òdìkejì ẹnubodè wa níhìn-ín, fíìmù náà sì gba àmì-ẹ̀yẹ iṣẹ́ kámẹ́rà ní àjọ̀dún fíìmù Sundance ní 2023.

Mo yọ̀ fún wọn. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Niang ń bà mí. Toronto àti Sundance lè pe fíìmù. Wọn kì í pe òṣèré lẹ́ẹ̀kejì. Ibi tí òṣèré bẹ́ẹ̀ ti lè pẹ́ ni ibi tí òǹwòran ti mọ ara eégún yàtọ̀ sí ti ẹni tó kàn wọ aṣọ eégún, ibẹ̀ sì ni Ìlaròó, Ayétòrò, Ìmẹ̀kọ, Kétu. Àwọn ọ̀dọ́ wa ń wo eré kúkúrú orí fóònù lójoojúmọ́, níbi tí ọkùnrin kan ti ń de gèlè ṣe ìyá, tó tún ṣe ọmọ, tó tún ṣe lándílọ́ọ̀dù, láìṣàlàyé. Òfin Ẹ̀fẹ̀ kò tíì kúrò lójú wọn. Ohun tí wọn kò ní ni ibi tí irú fíìmù tí mo dárúkọ ti lè dé ọ̀dọ̀ wọn.

Nítorí náà, ẹ̀bẹ̀ mi sí Pólì Ìlaròó àti sí àwọn ìgbìmọ̀ ìlú kò tóbi. Nígbà tí àsìkò Gẹ̀lẹ̀dẹ́ bá tó, kí a na aṣọ funfun sí ojúde lálẹ́ kan ṣáájú òru Ẹ̀fẹ̀. Kí a tan Ọ̀run Móorú, kí a tan The Lost Okoroshi. Kí a pe àwọn òṣèré tó wà láàyè wá, kí wọ́n jókòó sáàárín àwọn ìyá tó ń pòṣé bí ṣaworo bá ṣì í. Kí a gbé igbá sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, kí ẹni tó ń ké ìkéde sì sọ ọ́ ketekete pé owó inú rẹ̀, owó iṣẹ́ òṣèré ni. Bí wọ́n bá wò ó tí wọn kò fẹ́ ẹ, wọ́n á sọ fún wa. Òǹwòran Yewa kì í fi ìyẹn pamọ́.

Ẹ jọ̀ọ́, kí ìbéèrè tó kọ́kọ́ wá jẹ́ ti ẹni tí kò gbà.